Bí a ṣe ń gbé àìdọ́gba àkókò kalẹ̀ fún ìlú inú ìtàn

Ibi ìṣirò ni ọ̀pọ̀ ìtàn tó dá lórí àkókò ti ń já. Òǹkọ̀wé á ní àfonífojì kan wà tí ọjọ́ kan níbẹ̀ tó ọdún kan lóde, àwa òǹkàwé á gbà fún un, inú wa á dùn. Tó bá di ojú ewé kẹta, ọkùnrin tó wà nínú àfonífojì náà á nawọ́ gba ife omi lọ́wọ́ ìyàwó rẹ̀ tó dúró lóde. Kí ó tó fi ìṣẹ́jú àáyá mẹ́ta nawọ́ gbà á, ìyàwó ti gbé ife dúró fún ìṣẹ́jú 18. Òǹkọ̀wé kò rí i, ṣùgbọ́n ẹnì kan nínú àwọn tó ń kà á máa rí i, kò sì ní gba ohun míì tí ìwé náà bá sọ gbọ́ mọ́.

Bí a ṣe ń ṣe é ni pé kí ẹ mú òfin kan ṣoṣo, kí ẹ so iye mọ́ ọn, kí ẹ wá máa tẹ̀ lé iye yẹn títí yóò fi fi irú ìlú tó lè wà níbẹ̀ hàn yín. Ẹ má kọ́kọ́ ro ìlú kí ẹ tó ro òfin. Ìlú tí ẹ bá kọ́kọ́ rò máa jọ ìlú tí ẹ ti mọ̀ tẹ́lẹ̀, àkókò á kàn rọ̀ mọ́ ọn lọ́rùn bí ìlẹ̀kẹ̀ lásán ni.

Irú èwo lẹ fẹ́?

Oríṣi mẹ́rin ló wọ́pọ̀. Ọ̀kan ń fà tàbí kó sáré: àkókò ibì kan lọ́ra ju ti ibòmíì lọ. Ọ̀kan ń yí po: ọjọ́ kan náà ń padà wá léraléra. Ọ̀kan ń fò: ìlú á sùn lónìí, á jí lẹ́yìn ọgọ́rùn-ún ọdún. Ọ̀kan ń padà sẹ́yìn.

Tó bá jẹ́ odidi ìlú lẹ fẹ́ kọ nípa rẹ̀, ti àkọ́kọ́ ni kí ẹ mú. Àwọn ènìyàn lè máa gbé inú rẹ̀ láti ìran dé ìran, kí wọ́n ṣòfin lé e lórí, kí wọ́n jà lórí rẹ̀, kí wọ́n fi ṣòwò. Ti ìyípo ní ìdè kan: bí kò bá sí ẹni tó rántí, kò sí ohun tó yí padà nínú ìlú, bí gbogbo ènìyàn bá sì rántí, ọjọ́ náà kì í ṣe ọjọ́ kan náà mọ́, ọjọ́ tuntun ni tí àká ṣáà ń kún padà fúnra rẹ̀. Ẹ gbọ́dọ̀ pinnu ẹni tó ń rántí kí ẹ tó kọ ìlà kan.

Ti fífò rọrùn, ó tiẹ̀ ti ṣẹlẹ̀ lórí ìwé rí. Ní 1582, ní àwọn orílẹ̀-èdè tó kọ́kọ́ gba kàlẹ́ńdà Gregory, èyí tí a ń lò lónìí, ọjọ́ kẹrin oṣù October ni wọ́n fi sùn, ọjọ́ kẹẹ̀ẹ́dógún ni wọ́n jí sí. Ní 2011, Samoa fo ọjọ́ 30 oṣù December pátápátá kí wọ́n lè bọ́ sí òdìkejì ìlà ọjọ́ àgbáyé. Ẹ wo ohun tí ọjọ́ kan péré lè dà sílẹ̀: owó iṣẹ́ ọjọ́ yẹn ńkọ́? Ẹni tí ọjọ́ ìbí rẹ̀ bọ́ sí i ńkọ́? Ní ti ìpadàsẹ́yìn, ẹ fi í sílẹ̀, àfi tó bá jẹ́ òun gan-an lẹ fẹ́ kọ. Ohun tó ń dàrú níbẹ̀ ju ohun tó ń dùn lọ.

Ìlọ́po mélòó?

Àpẹẹrẹ kan la ó lò dé òpin: àfonífojì kan tó fẹ̀ tó kìlómítà 20 láti etí dé etí, tí ọjọ́ kan nínú rẹ̀ jẹ́ ọjọ́ 12 lóde. Inú là ń pe ibẹ̀, òde là ń pe ibi yòókù. Ará inú, ará òde.

Kí ló dé tó fi jẹ́ 12? Ẹ dán iye míì wò. Bí ìlọ́po bá jẹ́ 1.01, ọjọ́ mẹ́ta àti ààbọ̀ ó lé díẹ̀ ni ìyàtọ̀ á fi wà lọ́dún kan. Agbowó-orí nìkan ló máa fura. Bí ó bá jẹ́ 365, ẹni tó bá wọlé lọ lo ọ̀sẹ̀ kan, ọdún méje ló máa bá lóde. Ẹni tó ń sá fún nǹkan nìkan ló máa gbà bẹ́ẹ̀. Bí ó bá jẹ́ 10,000, wákàtí kan nínú á ju ọdún kan lọ lóde. Ibẹ̀ ti di ibojì. Láàárín 5 sí 20 ni ayé ti ṣeé gbé: àbẹ̀wò ń náni ní nǹkan, ṣùgbọ́n ó ṣeé ṣe. Ní 12, oṣù kan nínú fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ọdún kan lóde, èyí sì rọrùn fún òǹkàwé láti gbé sórí. Ẹ má fojú kéré ìyẹn. Òǹkàwé tó bá ní láti mú ẹ̀rọ ìṣirò kó tó mọ ọjọ́ orí ọmọ kan ti jáde kúrò nínú ìtàn yín.

Ẹ sì ṣọ́ra kí ẹ tó fi físíìsì ti àfonífojì náà lẹ́yìn. Òótọ́ ni pé àkókò kò dọ́gba níbi gbogbo. Aago tó wà lókè ń sáré ju èyí tó wà nísàlẹ̀ lọ, débi pé ní 2010 àwọn onímọ̀ ní Amẹ́ríkà gbé aago átọ́ọ̀mù kan ga ju èkejì lọ ní sẹ̀ǹtímítà 33 péré, wọ́n sì rí ìyàtọ̀ náà wọ̀n. Aago inú sátẹ́láìtì GPS ń fi ìdá 38 nínú mílíọ̀nù ìṣẹ́jú àáyá kan sáré ju ti ilẹ̀ lọ lójúmọ́. Tí wọn ò bá tún un ṣe, máàpù á máa fi bíi kìlómítà mẹ́wàá ṣìnà láàárín ọjọ́ kan. Bí ìyàtọ̀ tòótọ́ ṣe kéré tó nìyẹn. Ó tún ní ohun kan: nínú ayé gidi, ibi tí àkókò ti ń fà ni nǹkan ń já bọ́ sí. Òòfà ilẹ̀ nìyẹn. Bí àkókò bá fà ní ìlọ́po 12 láàárín kìlómítà mélòó kan, òòfà ibẹ̀ á lọ òkúta kúnná. Nítorí náà, ẹ kọ ọ́ sílẹ̀ bí òfin ayé yín, “àkókò ń fà níbí, kò sì fa nǹkan kan mọ́ra,” kí ẹ kọjá lọ. Òǹkàwé máa ń gba àṣẹ kan tó ṣe tààrà. Àlàyé tó dé ìdajì tó sì dúró ni kì í gbà.

Ààlà

Àṣìṣe tó pọ̀ jù, ibí ló wà. Bí ààlà bá tẹ́ẹ́rẹ́ bí okùn, ẹ ro ẹni tó fi ẹsẹ̀ ọ̀tún kan wọlé. Ọkàn rẹ̀ ṣì wà lóde, ó ń lù nígbà 72 láàárín ìṣẹ́jú kan. Fún ẹsẹ̀ tó ti wọlé, ìgbà 864 lọkàn yẹn ń lù ní ìṣẹ́jú kan. Iṣan á bẹ́ kí ẹsẹ̀ òsì tó gbéra.

Ẹ fẹ ààlà, kí ó di ìgbànú tó yí àfonífojì ká. Nínú àpẹẹrẹ wa, ìgbànú yẹn jẹ́ kìlómítà mẹ́ta, ìlọ́po sì ń gòkè díẹ̀díẹ̀ láti 1 ní etí òde dé 12 ní etí inú. Láàárín àyà ènìyàn sí ẹ̀yìn rẹ̀, ìyàtọ̀ kò pé 1 nínú 1,000. Ara kò ní mọ̀. Ẹni tó ń rin kìlómítà márùn-ún ní wákàtí kan á fi ìṣẹ́jú 36 la ìgbànú já. Nítorí ìlọ́po tó bá pàdé lójú ọ̀nà jẹ́ 6.5 tí a bá pín in dọ́gba, wákàtí mẹ́ta àti ìṣẹ́jú 54 á ti kọjá lóde. Ẹ kọ iye méjèèjì yìí sára ògiri, ẹ ó máa nílò wọn.

Ohun kan tún wà tí kì í wá sọ́kàn. Ká ní ará òde ń rán ẹrù wọlé, ẹrù kan ní ìṣẹ́jú 12-12, bí ẹni ń ṣeré. Ní ẹnu ibodè inú, ìṣẹ́jú kan-kan ni ẹrù yẹn á máa dé. Ibodè òde lè ní akọ̀wé kan tó ń sùn lórí àga. Ibodè inú á nílò akọ̀wé méjìlá, wọn ò sì ní ráyè jẹun. Tó bá jẹ́ pé inú lẹrù ti ń jáde ní ìṣẹ́jú kan-kan, ibodè òde á máa rí ẹyọ kan ní ìṣẹ́jú 12-12. Gbogbo ibodè irú ìlú báyìí gbọ́dọ̀ rí bẹ́ẹ̀: ṣọ́ńṣó lóde, fàkìà nínú. Bí ẹ bá ya máàpù tí ibodè méjèèjì dọ́gba, ẹ ti ṣì í.

Ohun tó ń gba ààlà kọjá

Ohun tó wà lẹ́yìn ẹfà ju èje lọ. Ènìyàn àti ẹrù nìkan kọ́ ló ń wọlé.

Omi ni kí ẹ fi bẹ̀rẹ̀. Odò kékeré kan lóde ń gbé 1,000 lítà kọjá ní ìṣẹ́jú àáyá kan. Bó bá wọ inú, 12,000 lítà ni ní ìṣẹ́jú àáyá kan ti inú. Tí omi bá ń sáré bó ti ń sáré tẹ́lẹ̀, ojú odò gbọ́dọ̀ fẹ̀ tàbí kó jìn ní ìlọ́po 12. Odò tí ọmọdé ń fẹsẹ̀ là kọjá lóde nílò ọkọ̀ ojú omi nínú, nígbà tó bá sì jáde ní òdìkejì, á tún kéré padà. Tí ẹ kò bá fẹ ojú odò, omi á kóra jọ sínú ìgbànú, á di adágún. Ìyẹn náà dára, àwọn apẹja á wà, ṣùgbọ́n kó jẹ́ pé ẹ̀yin lẹ yàn án.

Òjò tó rọ̀ fún wákàtí kan lóde á dà sílẹ̀ nínú láàárín ìṣẹ́jú márùn-ún. Òrùlé wọn gbọ́dọ̀ ga ṣọ́ńṣó, kòtò etí ilé wọn gbọ́dọ̀ gba ìlọ́po 12 omi. Afẹ́fẹ́ pẹ̀lẹ́ tó ń fẹ́ ní mítà mẹ́ta ní ìṣẹ́jú àáyá kan á di mítà 36, ìyẹn sì ju ìwọ̀n tí a fi ń pe ìjì ní ìjì líle lórí òkun lọ. Ẹ gbé òkè yí àfonífojì náà ká, kó ga. Ìdí tí a fi mú àfonífojì dípò pẹ̀tẹ́lẹ̀ nìyẹn.

Ìmọ́lẹ̀ ló le jù. Tí ẹ bá tẹ̀ lé ìṣirò gbọnrangandan, ìgbì ìmọ́lẹ̀ tó ń wọlé á di ìlọ́po 12 ní iye, agbára ẹyọ kọ̀ọ̀kan náà á di ìlọ́po 12, àpapọ̀ rẹ̀ 144. Oòrùn ọ̀sán gangan ń fi nǹkan bíi wáàtì 1,000 lu ilẹ̀ tó fẹ̀ ní mítà kan níbùú lóòró. Nínú á di 144,000. Kò sí ewé tó máa ṣẹ́kù. Àwọ̀ náà á ṣí kúrò ní ipò rẹ̀: èyí tí ojú ń rí á kọjá agbára ojú, ìmọ́lẹ̀ ooru tí ilẹ̀ àti ara ènìyàn ń tú jáde nínú òkùnkùn á wá bọ́ síbi tí ojú ti lè rí i. Ènìyàn tó bá dúró lóde lóru á máa tàn fúnra rẹ̀ bí àtùpà. Ó wuni láti kọ, ṣùgbọ́n ẹ kò lè mú àwòrán yẹn kí ẹ fi iná tó bá a wá sílẹ̀.

Ọ̀nà àbáyọ tí a fara mọ́: ẹ pàṣẹ pé àwọ̀ kò yí padà, iye nìkan ló ń pọ̀ sí i. Ìlọ́po 12 ló kù, 11 nínú rẹ̀ sì gbọ́dọ̀ dúró síbì kan. Ẹ fi ìkùukùu funfun bo àfonífojì náà, èyí tó nípọn tí kì í ṣí láéláé, tó ń dá ìdá 11 nínú 12 padà sókè. Ìkùukùu tó ki máa ń dá èyí tó pọ̀ jù nínú ìmọ́lẹ̀ oòrùn padà nínú ayé gidi náà, nítorí náà kò ní dà bí idán. Àmọ́ ẹ wo ohun tí ẹ fi rà á. Àwọn ará inú kò rí oòrùn rí, kò sí ìràwọ̀, kò sí òṣùpá. Wọn kò ní ìmọ̀ ìràwọ̀ kankan. Ojú ọ̀run wọn á kàn mọ́ bíi wákàtí kan, á ṣú bíi wákàtí kan, á tún mọ́. Láàárín oorun òru kan tó jẹ́ wákàtí mẹ́jọ, ilẹ̀ á mọ́ nígbà mẹ́rin.

Ní ti ohùn, etí ènìyàn ń gbọ́ láti nǹkan bí 20 Hz dé 20,000 Hz (Hz ni iye ìgbà tí ohùn ń gbọ̀n ní ìṣẹ́jú àáyá kan). Ohùn tó wà ní 200 Hz, tó bá ti inú jáde síta, á di bíi 17 Hz. Etí kò gbọ́ ọ mọ́. Àwọn ará inú lè pariwo títí ọ̀fun wọn á fi gbẹ, òde á dákẹ́ rọ́rọ́. Ṣùgbọ́n súfèé tó wà ní 3,000 Hz á jáde ní 250, ohùn tó dùn ún gbọ́. Nítorí náà súfèé lẹni inú fi ń bá òde sọ̀rọ̀. Súfèé gẹ́gẹ́ bí èdè kì í ṣe àlá: ní erékùṣù La Gomera ní Canary, òun ni wọ́n fi ń ránṣẹ́ láti òkè dé òkè. Lọ́wọ́ òde, ọ̀rọ̀ ìṣẹ́jú kan á wọlé láàárín ìṣẹ́jú àáyá márùn-ún, ṣíní-ṣíní bí ohùn kòkòrò. Ìlù ni kí wọ́n lò, ìlù ńlá tí ohùn rẹ̀ wà nísàlẹ̀, kí wọ́n lù ú lẹ́ẹ̀kan ní ìṣẹ́jú àáyá mẹ́fà. Nínú á máa dún lẹ́ẹ̀méjì ní ìṣẹ́jú àáyá kan. Ìlù ń wọlé, súfèé ń jáde. Ẹ ti rí iṣẹ́ ọwọ́ méjì, ẹgbẹ́ méjì, bóyá ìjà méjì pẹ̀lú, láti inú ìṣirò kan.

Oko, àti bí wọ́n ṣe ń kíra

Ọdún kan lóde jẹ́ ọgbọ̀n ọjọ́ àti wákàtí díẹ̀ nínú. Irúgbìn tó ń lo 90 ọjọ́ lára tirẹ̀ kó tó gbó á la ọdún mẹ́ta òde já, ìgbà òjò mẹ́ta, ẹ̀ẹ̀rùn mẹ́ta. Ẹ̀ẹ̀rùn oṣù márùn-ún kò ju ọjọ́ 12 àti ààbọ̀ lọ fún wọn. Ilẹ̀ tó bá lè mu omi dúró fún ọ̀sẹ̀ méjì kò mọ ọ̀dá. Kò sí ìgbà ìkórè níbẹ̀, kò sí oṣù ebi, kò sí owó-orí tí wọ́n ń san lẹ́yìn ìkórè. Bí ẹ bá rí i pé ẹ ti kọ ayẹyẹ ìkórè sínú orí kejì, ẹ pa á rẹ́.

Ẹni tó ń fi Yorùbá kọ ọ́ ní iṣẹ́ kan sí i. “Ẹ káàárọ̀” kò wúlò níbi tí ilẹ̀ ti ń mọ́ nígbà 12 lójúmọ́, “ẹ káalẹ́” bẹ́ẹ̀ náà. Ẹ fi iṣẹ́ kí wọn: ẹ kú iṣẹ́, ẹ kú ìjókòó, ẹ kú ìsinmi. Àwọn wọ̀nyí ti wà nílẹ̀, ẹ ò ní ṣẹ̀dá nǹkan kan. Wàyí o, tí ẹnì kan bá wọ ọjà inú tó ní “ẹ káàárọ̀ o,” gbogbo ọjà á yíjú wò ó. Wọ́n ti mọ̀ pé òde ló ti wá.

Owó

Ẹnì kan fi 100 sí báǹkì lóde ní èlé 5 nínú 100 lọ́dún, ó wọlé lọ gbé ọdún márùn-ún. Ọgọ́ta ọdún ti lọ lóde nígbà tó bá jáde. Owó rẹ̀ ti di 1,868. Ẹlòmíì jẹ gbèsè 100 ní èlé kan náà, ó sá wọlé fún ọdún kan. Ó jáde, ó bá 180 tó ń dúró dè é. Ibi ààbò fún olówó nìyẹn, pàkúté ni fún onígbèsè. Tí òfin bá dákẹ́, gbogbo olówó á kó wọlé lọ jókòó, àwọn òde á máa ṣiṣẹ́ fún wọn láti ìran dé ìran. Kò lè pẹ́ kí òde tó fárígá.

Òfin mẹ́ta ló ṣeé ṣe, ìlú tí ọ̀kọ̀ọ̀kan ń bí sì yàtọ̀. Tí èlé bá ń dúró nígbà tí olówó bá wọlé, àwọn olówó á máa gbé òde, wọ́n á máa rán ọmọ iṣẹ́ wọlé. Tí báǹkì bá ní kí olówó fojú hàn lẹ́ẹ̀kan lọ́dún òde, ìyẹn lẹ́ẹ̀kan ní ọgbọ̀n ọjọ́ inú, ojú ọ̀nà ibodè á kún fọ́fọ́ lóṣooṣù. Tí ìwé àdéhùn kọ̀ọ̀kan bá gbọ́dọ̀ dárúkọ aago tó ń tẹ̀ lé, àwọn agbẹjọ́rò ló máa jẹ ìlú náà. Ẹ mú ọ̀kan. Èyí tó kẹ́yìn la fẹ́ràn jù, torí pé ó ń bí àríyànjiyàn tí kò nílò idà.

Kí wá ni ará inú ń tà? Ìdúró. Ọkà tí kòkòrò máa ń jẹ lẹ́yìn oṣù mẹ́fà á pé ọdún mẹ́fà òde kó tó bàjẹ́. Inú ni àká òde. Aláìsàn tí kò tíì sí oògùn fún á wọlé, á lo oṣù méjì, wọ́n á ti fi ọdún méjì wá oògùn rẹ̀ lóde. Ọ̀tá tó bá dó ti ibodè fún odidi ọdún, oúnjẹ oṣù kan ti tó láti fi rẹ́rìn-ín rẹ̀. Bí àkókò inú yín bá ń sáré dípò kó fà, ẹ yí i po: iṣẹ́ ni wọ́n á máa tà, ẹni tó bá fẹ́ ìwé tí a fi ọdún méjìlá kọ á rí i gbà lọ́dún tó ń bọ̀.

Ní ti iye ènìyàn, inú kò lè borí láéláé. Bí méjèèjì bá ń dàgbà ní 2 nínú 100 lọ́dún, wọ́n á di ìlọ́po méjì ní ọdún 35. Ní ọdún 35 ti inú, òde ti ṣe bẹ́ẹ̀ nígbà 12, ó ti di ìlọ́po 4,096. Ilẹ̀ àti oúnjẹ kò ní jẹ́ kó dé ibẹ̀, ṣùgbọ́n ẹ mọ ibi tí ó kọjú sí. Èdè náà ń lọ: ẹni tó wọlé ní ọmọ ogún ọdún tó jáde ní ọgọ́ta, 480 ọdún ti yí èdè òde padà. Ògbufọ̀ tí kò bá ń jáde lọ́dọọdún kò ní mọ ohun tó ń sọ mọ́. Ọba inú tó jẹ fún ọgbọ̀n ọdún, ìran mẹ́rìnlá lóde ni kò mọ ọba míì. Kò yà wá lẹ́nu bí wọ́n bá ń bọ ọ́. Fún àrùn, òde ibodè ni kí ìyàsọ́tọ̀ wà. Ọgbọ̀n ọjọ́ ni Ragusa, tó ń jẹ́ Dubrovnik lónìí, pàṣẹ ní 1377 fún àwọn tó ti ibi tí àjàkálẹ̀ àrùn wà wá. Tí irú rẹ̀ bá wà lóde ibodè wa, ọjọ́ méjì àti ààbọ̀ péré ni ará inú á fi dúró de àlejò.

Ta ni ẹ̀gbọ́n?

Èdè wa kò ní jẹ́ kí ẹ fi èyí pamọ́. Ẹ̀gbọ́n wọlé ní ọmọ ogún ọdún, ó lo ọdún méjì, ó jáde ní ọmọ 22. Àbúrò tó fi sílẹ̀ ní ọmọ 17 ti pé 41. Ta ló ń pe ta ní “ẹ”? Ní gbogbo ìlà ọ̀rọ̀ tí wọ́n bá sọ síra wọn, ẹ gbọ́dọ̀ ti dáhùn.

Ẹ yàn láàárín ọjọ́ ìbí àti ọdún tí ara ti lò. Tó bá jẹ́ ọjọ́ ìbí:

“Ẹ káàbọ̀, ẹ̀gbọ́n mi,” ni ọkùnrin tí irùngbọ̀n rẹ̀ ti ń funfun wí.

“O ṣeun,” ni èyí tí irùngbọ̀n rẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ ń hù dáhùn.

Ìlà méjì, òǹkàwé ti mọ òfin ìlú náà, ẹ kò ṣàlàyé nǹkan kan. Ohun tó dùn jù ni kí inú máa lo ọ̀kan, kí òde máa lo èkejì. Ìjà á bẹ̀rẹ̀ láti ibi ìkíni.

Ìwé ìṣirò, àti oníbodè

Ẹ ṣí ìwé kan, tàbí tábìlì kan lórí kọ̀ǹpútà, kí ó ní òpó mẹ́rin: ohun tó ṣẹlẹ̀, ọjọ́ òde, ọjọ́ inú, ọjọ́ orí ẹni tó ń ṣe é. Ẹ mú ọjọ́ kan gẹ́gẹ́ bí òdo fún àwọn méjèèjì. Ọjọ́ inú lọ́nà 12 ni ọjọ́ òde, ẹ má gbàgbé ìgbànú. Ìránṣẹ́ kan wọlé, ó lo ọjọ́ mẹ́ta, ó jáde: ọjọ́ 36 àti wákàtí mẹ́jọ dín ìṣẹ́jú 12 ló ti kọjá lóde, ara rẹ̀ fi ọjọ́ mẹ́ta àti wákàtí kan lé ìṣẹ́jú 12 dàgbà. Àṣìṣe tó wọ́pọ̀ jù nínú tábìlì yìí ni pé òpó ọjọ́ orí ni wọn kì í kún, torí wọ́n rò pé ó tẹ̀ lé ọ̀kan nínú àwọn méjì yòókù. Ẹni tó ń rìn síwá-sẹ́yìn kò tẹ̀ lé èyíkéyìí.

Aago méjì lórí ògiri kan ti wà rí. Nígbà tí rélùwéè mú aago Lọ́ńdọ̀nù dé Bristol, aago Bristol fi bí ìṣẹ́jú mẹ́wàá wà lẹ́yìn. Aago tó wà lára ilé Corn Exchange níbẹ̀ ní ọwọ́ ìṣẹ́jú méjì títí dòní, ọ̀kan fún ìlú, ọ̀kan fún ọkọ̀ ojú irin. Ibodè yín nílò irú rẹ̀, ó sì nílò ẹ̀kẹta fún oníbodè fúnra rẹ̀, nítorí inú ìgbànú ló ń ṣiṣẹ́.

Ká ní àga rẹ̀ wà ní àárín ìgbànú gan-an, níbi tí ìlọ́po ti jẹ́ 6.5, ilé rẹ̀ sì wà ní 500 mítà sí apá òde, níbi tí ìlọ́po ti jẹ́ nǹkan bíi 4.67. Ó ṣiṣẹ́ wákàtí mẹ́wàá lórí àga yẹn. Ìyàwó rẹ̀ nílé ti dúró fún wákàtí 13 àti ìṣẹ́jú 56. Lóde, wákàtí 65 ti lọ, ọ̀gá tó ń san owó rẹ̀ sì ń gbé òde. Tí owó oṣù rẹ̀ bá tẹ̀ lé aago òde, kò tíì ṣiṣẹ́ ọjọ́ márùn-ún tán lórí àga rẹ̀ tí owó oṣù míì ti tọ́ sí i. Tó bá tẹ̀ lé aago orí àga rẹ̀, yàrá tó ń yá ní 500 mítà yẹn ń ka ọjọ́ 14 fún un nígbà tí àga ń ka mẹ́wàá, onílé á sì ti kan ilẹ̀kùn kí owó oṣù tó wọlé. Ẹ kọ aago tó ń tẹ̀ lé sínú ìwé ìgbàṣíṣẹ́ rẹ̀ kí ẹ tó kọ orí kìíní.